Ọjọ́ Igi, Ọjọ́ Òkun: Kàlẹ́ńdà Ayé tí Tolkien Dá

Ìtàn inú The Lord of the Rings máa ń parí kí ìwé náà fúnra rẹ̀ tó parí. Lẹ́yìn tí ogun ti tán, tí ọkọ̀ ti gbé àwọn tí yóò sọdá òkun lọ, J.R.R. Tolkien ṣì to àwọn àfikún kan sí ẹ̀yìn apá kẹta, èyí tó jáde ní oṣù Kẹwàá ọdún 1955. Ọ̀kan nínú wọn kò kan ogun, kò kan ìdà. Bí oríṣiríṣi ẹ̀yà ṣe ń ka ọjọ́ ni gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀. Ọ̀pọ̀ òǹkàwé kì í dé ibẹ̀, ó sì máa ń dùn mí fún wọn, nítorí mo gbà pé ibẹ̀ ni òǹkọ̀wé náà kó ẹ̀sìn gbogbo ayé tó dá pamọ́ sí.

Kàlẹ́ńdà ilẹ̀ Shire ló ń pàdé ènìyàn níbẹ̀. Oṣù méjìlá wà ní apá méjìlá, nọ́ńbà tò láti òkè wá sísàlẹ̀ nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan, àkọlé rẹ̀ sì sọ pé ó wà fún ọdún gbogbo. Shire ni ilé àwọn Hobbit, àwọn ènìyàn kúkúrú tí kì í wọ bàtà, àgbẹ̀ tó fẹ́ràn oúnjẹ àti àlejò. Oṣù wọn kọ̀ọ̀kan jẹ́ ọjọ́ 30, kò sí èyí tó lé, kò sí èyí tó dín. Ìyẹn fún wọn ní ọjọ́ 360. Márùn-ún tó ṣẹ́kù kò sí lábẹ́ oṣù kankan. Ọjọ́ àjọ̀dún ni wọ́n. Méjì bọ́ sí ìgbà òtútù, Yule ni wọ́n ń pè é, wọ́n ń fi ọ̀kan sin ọdún tó ń lọ, wọ́n ń fi ìkejì pàdé ọdún tó ń bọ̀. Mẹ́ta bọ́ sí àárín ìgbà ooru, ìyẹn ni Lithe. Ní ọdún kẹrin-kẹrin, ọjọ́ kan máa ń kún ti Lithe, ariya ọjọ́ yẹn sì máa ń yàtọ̀.

Ohun tí wọ́n fi ọjọ́ tó wà ní àárín ọdún gan-an ṣe ló wú mi lórí jù. Nígbà ayé Isengrim Kejì, àwọn ará Shire pinnu pé ọjọ́ náà kò ní ní orúkọ nínú ọ̀sẹ̀ mọ́. Ọ̀sẹ̀ á dúró, ọjọ́ náà á kọjá, ọ̀sẹ̀ á sì tún máa bá tirẹ̀ lọ. Ọjọ́ 364 tó kù jẹ́ ọ̀sẹ̀ 52 géérégé, nítorí náà déètì kan kì í kúrò lórí ọjọ́ tó bá ti bọ́ sí, lọ́dọọdún. Ẹni tó ń kọ lẹ́tà ní Shire kò wulẹ̀ kọ orúkọ ọjọ́ sí i mọ́. Ta ni kò mọ̀ ọ́n? Bí wọ́n ṣe tò ó, kò sí oṣù tó lè bẹ̀rẹ̀ ní Highday, ọjọ́ ìkẹyìn ọ̀sẹ̀. Bí wọ́n bá wá fẹ́ sọ pé nǹkan kò lè ṣẹlẹ̀ láé, wọ́n á ní ó di Highday tó bá jẹ́ ọjọ́ kìíní oṣù, ọjọ́ tí ẹlẹ́dẹ̀ yóò fò, tí igi yóò máa rìn kiri. Igi sì padà rìn nínú ìtàn náà.

Shire yìí kò ní ilé ìsìn. Kò ní àlùfáà, kò ní ojúbọ, a kò sì rí Hobbit kankan tó kúnlẹ̀ gbàdúrà. Bẹ́ẹ̀ ni Kátólíìkì tí kì í fi ìgbàgbọ́ rẹ̀ ṣeré ni ẹni tó kọ ọ́. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1953, Tolkien kọ̀wé sí ọ̀rẹ́ rẹ̀ Robert Murray, ọmọ ẹgbẹ́ àwọn Jesuit, ó ṣàlàyé fún un pé iṣẹ́ ẹ̀sìn ni ìwé náà láti ìpìlẹ̀, ti Kátólíìkì sì ni, àti pé ìdí nìyẹn gan-an tí òun fi yọ fẹ́rẹ̀ẹ́ gbogbo ohun tó jọ ètò ìsìn kúrò nínú rẹ̀. Àwọn tó ka lẹ́tà yìí sábà máa ń wá ẹ̀sìn náà lọ sínú ìwà àwọn ènìyàn inú ìtàn, sínú àánú Frodo àti ìfaradà Sam, Hobbit méjì tí ìtàn náà dá lé. Ó wà níbẹ̀ lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ó tún wà níbi tó hàn gbangba ju ìyẹn lọ, nínú orúkọ tí wọ́n ń pe òní àti ọ̀la.

Ọ̀dọ̀ àwọn Elf ni orúkọ wọ̀nyẹn ti ṣẹ̀ wá. Ẹ̀yà tí ogbó kì í pa ni wọ́n, ìwọ̀n àkókò wọn sì gùn bákan náà: ohun tí wọ́n ń pè ní yén jẹ́ ọdún 144 ti tiwa. Mẹ́fà-mẹ́fà àti méjìlá-méjìlá ni wọ́n fẹ́ràn láti máa fi ka nǹkan. Ìgbà mẹ́fà ló wà nínú ọdún wọn ní Rivendell, ọ̀kan nínú ibùgbé wọn. Ooru àti òtútù gba ọjọ́ 72 lọ́kọ̀ọ̀kan, mẹ́rin yòókù gba 54. Ọ̀kan nínú mẹ́rin yẹn wà láàárín òtútù àti ìgbà ìrúwé, nígbà tí igi kò tíì yọ ewé ṣùgbọ́n tí ilẹ̀ ti ń mira nísàlẹ̀. Bí ìyẹn bá ti parí ni ọdún tuntun wọn á wọlé, ní nǹkan bí ọjọ́ 6 oṣù Kẹrin tí a bá fi ti Shire kà á.

Ọjọ́ mẹ́fà ni ọ̀sẹ̀ wọn, ọjọ́ kọ̀ọ̀kan sì máa ń bẹ̀rẹ̀ nígbà tí oòrùn bá wọ̀. Elenya ni ti ìràwọ̀, Anarya ti oòrùn, Isilya ti òṣùpá, Aldúya ti Igi Méjì, Menelya ti sánmà. Valanya tó kẹ́yìn ni ọ̀gá gbogbo wọn, nítorí ti àwọn Valar ni, àwọn Alágbára tí Ẹlẹ́dàá fi ìtọ́jú ayé lé lọ́wọ́. Ẹni tó bá mọ ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ mẹ́rin ti àwọn baba wa, nínú èyí tí Ọbàtálá, Ifá, Ògún àti Ṣàngó ti ní ọjọ́ tiwọn, kò nílò kí a ṣẹ̀ṣẹ̀ máa ṣàlàyé irú ètò yìí fún un. Kò dìgbà tí ènìyàn bá dé ojúbọ kó tó rántí ẹni tó ni ọjọ́. Pípe ọjọ́ náà lórúkọ ti tó.

Ọjọ́ kẹrin ni ó yẹ kí a dúró tì. Nínú The Silmarillion, ìwé tí Christopher ọmọ rẹ̀ tẹ̀ jáde ní ọdún 1977, a kà pé kò sí oòrùn, kò sí òṣùpá ní ìbẹ̀rẹ̀. Igi méjì ló ń tànmọ́lẹ̀ ní ilẹ̀ àwọn Valar: Telperion onífàdákà àti Laurelin oníwúrà. Bí ọ̀kan bá ń tàn, èkejì á máa wọ̀. Wákàtí kan wà tí ìmọ́lẹ̀ méjèèjì máa ń dà pọ̀. Melkor ọ̀tá fi ọ̀kọ̀ gún wọn wọnú, Ungoliant tó gbé àwọ̀ aláǹtakùn wọ̀ sì fa oje ara wọn mu tán. Kí wọ́n tó kú pátápátá, Telperion so òdòdó fàdákà kan ṣoṣo, Laurelin so èso wúrà kan ṣoṣo. Òdòdó yẹn ni òṣùpá, èso yẹn ni oòrùn. Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀sẹ̀ àwọn Elf ṣe rí: oòrùn àti òṣùpá tí wọ́n ń bọlá fún ní ọjọ́ kejì àti ìkẹta, ọmọ àwọn òkú ọjọ́ kẹrin ni. N kò mọ ìwé àròsọ mìíràn tí òǹkọ̀wé rẹ̀ ti kó ọ̀fọ̀ tó tóbi tó báyìí sínú nǹkan tó kéré tó orúkọ ọjọ́ kan láàárín ọ̀sẹ̀.

Àwọn ènìyàn erékùṣù Númenor gba ọ̀sẹ̀ yìí lọ́wọ́ àwọn Elf, wọ́n sì tún un ṣe kó bá tiwọn mu. Igi méjì di ẹyọ kan, nítorí Igi Funfun tó wà ní àgbàlá ọba wọn, Nimloth, ìran Telperion ni. Atukọ̀ sì ni wọ́n, kò sí ẹ̀yà mìíràn lára ènìyàn tó mọ omi tó wọn. Nítorí náà wọ́n fi Eärenya, Ọjọ́ Òkun, sí ẹ̀yìn ọjọ́ sánmà. Ọ̀sẹ̀ di ọjọ́ méje.

Númenor yìí nìkan ni ibi tí Tolkien ti jẹ́ kí a rí ìsìn ní gbangba, ó sì ṣe é lọ́nà tí mi ò lè gbàgbé. Inú Unfinished Tales, tó jáde ní ọdún 1980, ni àpèjúwe náà wà. Òkè kan dúró ní àárín erékùṣù náà, Meneltarma lorúkọ rẹ̀. Orí rẹ̀ tẹ́jú, ó lè gba ọ̀pọ̀ èrò, ṣùgbọ́n wọn kò kọ́ ilé kankan síbẹ̀. Kò sí pẹpẹ, kò tilẹ̀ sí òkúta tí ẹnikẹ́ni tò jọ. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbé irinṣẹ́ tàbí ohun ìjà débẹ̀. Ọba nìkan ló lè lanu sọ̀rọ̀ lórí òkè náà, ẹ̀ẹ̀mẹta péré lọ́dún. Àkọ́kọ́ ni Erukyermë, ní ìbẹ̀rẹ̀ ìgbà ìrúwé, láti fi bẹ̀bẹ̀ fún ọdún tó wọlé; ìkejì ni Erulaitalë, ní àárín ooru, láti fi yin Eru, Ọlọ́run Kan ṣoṣo; ìkẹta ni Eruhantalë, ní ìparí ìgbà ìkórè, láti fi dúpẹ́. Ọba á fi ẹsẹ̀ gun òkè lọ, àwọn èrò á tẹ̀ lé e nínú aṣọ funfun, pẹ̀lú ẹ̀gbà òdòdó, ẹnikẹ́ni kò ní fọhùn. Ẹyẹ kan kì í débẹ̀ àfi idì. Ní ọjọ́ mìíràn, bí ènìyàn bá súnmọ́ orí òkè náà, idì mẹ́ta á bà sórí òkúta mẹ́ta ní ìhà ìwọ̀-oòrùn. Ní ọjọ́ Àdúrà Mẹ́ta, wọn kì í bà. Wọ́n á máa rà bàbà lókè orí àwọn èrò títí ètò náà yóò fi parí.

Ẹ wo bí ìyẹn ṣe mọ níwọ̀n: ẹ̀bẹ̀, ìyìn, ọpẹ́. Kò sí ẹbọ, kò sí ère. Bí ọdún Númenor ṣe ń yí náà ni àdúrà ń yí.

Ẹ̀rù ikú ló ba kàlẹ́ńdà yìí jẹ́. Àwọn ọba bẹ̀rẹ̀ sí í bínú pé àwọn yóò kú, àwọn Elf kò ní kú. Lẹ́yìn ìgbà ọba Tar-Ancalimon, wọ́n ń pa mímú àkọ́so wá fún Eru tì, ẹsẹ̀ sì ń ṣọ̀wọ́n lórí òkè. Tar-Palantir gbìyànjú láti dá a padà, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ àwọn ènìyàn rẹ̀ kò bá a lọ. Lẹ́yìn rẹ̀ ni Ar-Pharazôn mú Sauron, ìránṣẹ́ Melkor, wá sí erékùṣù náà ní ìgbèkùn, kò sì pẹ́ tí òǹdè náà fi di olùdámọ̀ràn ọba. Erékùṣù tí kò ní pẹpẹ rí wá kọ́ tẹ́ńpìlì ńlá fún Melkor, wọ́n ń pa ènìyàn nínú rẹ̀. Igi Nimloth ni wọ́n gé fi dá iná àkọ́kọ́ níbẹ̀. Ọkùnrin kan, Isildur, ti yọ́ wọlé lóru kí wọ́n tó gé e, ó jí èso kan ká, ọgbẹ́ tó gbà níbẹ̀ sì fẹ́rẹ̀ẹ́ pa á. Ní ọdún 3319 ti Sànmánì Kejì, òkun bo gbogbo erékùṣù náà. Àwọn díẹ̀ tó yè é bọ́ gúnlẹ̀ sí Middle-earth, ilẹ̀ tí Shire wà. Ọjọ́ Igi Funfun ṣì wà nínú ọ̀sẹ̀ wọn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé igi náà ti di eérú. Ọjọ́ Òkun náà ṣì wà. Òkun tó pa ìyá àti bàbá wọn, wọn kò gba ọjọ́ rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ọ̀dọ̀ ìran àwọn wọ̀nyí, ní ìjọba Àríwá, ni àwọn Hobbit ti gba ọ̀sẹ̀ tiwọn. Sterday, Sunday, Monday, Trewsday, Hevensday, Mersday, Highday: ìràwọ̀, oòrùn, òṣùpá, igi, sánmà, òkun, àwọn Alágbára. Wọ́n ti gbàgbé. Àgbẹ̀ tó sọ pé òun yóò bá ẹnì kejì òun ṣòwò ní Trewsday kò mọ̀ pé òun dárúkọ igi tó kú kí oòrùn tó wà. Ohun tó ṣẹ́kù nínú ọlá àwọn Valar ni pé tí ọ̀sán Highday bá ti pọ́n, iṣẹ́ parí, àsè ni alẹ́.

Orúkọ oṣù wọn ní ìtàn tirẹ̀, èyí kì í sì í ṣe àròsọ. Ọ̀jọ̀gbọ́n èdè Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́ ni Tolkien ní Oxford láti ọdún 1925, ọ̀dọ̀ Bede ló ti rí wọn. Mọ́ńkì ni Bede ní Jarrow, ní àríwá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó sì kọ ìwé kan lórí ìṣirò àkókò ní ọdún 725. Orí kan nínú rẹ̀ sọ oṣù tí àwọn baba ńlá rẹ̀ ń kà kí wọ́n tó di Kristẹni. Solmonath ni oṣù tí wọ́n ń fi àkàrà òyìnbó rúbọ sí àwọn òrìṣà wọn. Hreth àti Eostre, abo-òrìṣà méjì, ní oṣù kọ̀ọ̀kan. Thrimilce ni oṣù tí màlúù ń ní wàrà tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n ń fún un lẹ́ẹ̀mẹta lóòjọ́. Blotmonath ni oṣù tí wọ́n ń ya ẹran tí wọ́n fẹ́ pa sọ́tọ̀ fún òrìṣà. Tolkien gé orúkọ wọ̀nyí kúrú bí ẹnu àwọn ará oko yóò ṣe gé wọn, ó sì fi wọ́n fún Shire: Solmath, Rethe, Astron, Thrimidge, Blotmath. Bí Bede, ẹni Ọlọ́run, kò bá kọ ọ́ sílẹ̀ pẹ̀lú ọ̀wọ̀ báyẹn, ọ̀pọ̀ nínú ohun tí àwọn baba rẹ̀ gbà gbọ́ ni kò sí ẹni tí ìbá mọ̀ lónìí. Mo gbà pé Tolkien rí ara rẹ̀ nínú mọ́ńkì yẹn.

Àwọn Dwarf, ẹ̀yà mìíràn nínú ayé Tolkien, kò rìnnà kore tó bẹ́ẹ̀. Nínú The Hobbit, ìwé tó ṣáájú ní ọdún 1937, ọdún tuntun wọn ni ọjọ́ kìíní òṣùpá tó kẹ́yìn ní ìgbà ìkórè, lẹ́nu àbáwọlé òtútù. Bí òṣùpá yẹn àti oòrùn bá jọ wà lójú ọ̀run, Ọjọ́ Durin nìyẹn. Ṣùgbọ́n Thorin, tó jẹ́ olórí wọn, jẹ́wọ́ pé àwọn kò ní ìmọ̀ tí àwọn fi lè ṣírò ìgbà tí yóò tún dé. Orúkọ wà lọ́wọ́ wọn, ìṣirò ti sọnù.

Ẹni tó kọ ọ́ kò fi ìṣirò tirẹ̀ ṣeré. Ní oṣù Karùn-ún ọdún 1944, nígbà tí Christopher wà ní South Africa pẹ̀lú àwọn ọmọ ogun òfurufú, bàbá rẹ̀ kọ̀wé sí i pé òṣùpá inú ìtàn òun ń ṣe ohun tí kò ṣeé ṣe, pé ó ń yọ ní apá kan ilẹ̀ náà bó ṣe ń wọ̀ ní apá kejì. Ó padà lọ tún àwọn orí tó ti kọ ṣe nítorí rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí mo fi gbà pé kò sí déètì tó bọ́ síbi tó bọ́ sí lásán nínú ìwé náà.

Ọjọ́ 25 oṣù Kejìlá ni Frodo àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbéra ní Rivendell láti lọ ba Òrùka agbára Sauron jẹ́. Ọjọ́ 25 oṣù Kẹta ni Òrùka jó nínú iná Òkè Ìparun, tí Sauron ṣubú. Kristẹni kankan kò nílò àlàyé lórí ti àkọ́kọ́. Ìkejì ni ọjọ́ tí Ìjọ ń rántí pé Gébúrẹ́lì wá bá Màríà, ó sì wà nínú ìgbàgbọ́ àwọn ará àtijọ́ ní Yúróòpù pé ọjọ́ yẹn náà ni wọ́n kan Jésù mọ́gi. Òun tún ni ọdún tuntun lábẹ́ òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì títí di ìgbà tí wọ́n yí kàlẹ́ńdà padà ní ọdún 1752. Wọ́n yọ ọjọ́ 11 kúrò nínú oṣù Kẹsàn-án ọdún yẹn, ọdún owó orí sì sún láti 25 oṣù Kẹta dé 5 oṣù Kẹrin, lẹ́yìn náà ó dé 6 oṣù Kẹrin. Àwọn ọmọ wa tó ń ṣiṣẹ́ ní Lọ́ńdọ̀nù mọ ọjọ́ náà dáadáa títí dòní. Ọjọ́ kan náà ni ọdún tuntun àwọn Elf.

Ní Gondor, ìjọba Gúúsù ti ìran Númenor, ọba tuntun pàṣẹ pé 25 oṣù Kẹta ni ọdún yóò máa bẹ̀rẹ̀. Mo ṣírò rẹ̀ lórí kàlẹ́ńdà Shire, ó sì bọ́ sí Ọjọ́ Oòrùn. Mo ṣírò ọjọ́ ìbí Frodo, 22 oṣù Kẹsàn-án, tí Gondor sọ di àjọ̀dún Ọjọ́ Òrùka: Mersday ni, Ọjọ́ Òkun. Mo wá ṣírò 29 oṣù Kẹsàn-án, ọjọ́ tí Frodo tí ọgbẹ́ rẹ̀ kò jinná wọ ọkọ̀ ní Grey Havens tó sì sọdá lọ. Mersday ni òun náà. Ọ̀sẹ̀ kan péré ló wà láàárín méjèèjì, kò sì lè bọ́ sí ọjọ́ mìíràn, nítorí ọ̀sẹ̀ Shire kì í yẹ̀. Frodo, tó mọ èdè àwọn Elf ju ọ̀pọ̀ Hobbit lọ, lè jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn díẹ̀ ní Shire tó ṣì mọ ẹni tó ni ọjọ́ tí wọ́n bí òun.

Shire fúnra rẹ̀ kò ṣe àjọ̀dún kankan fún un. Kò sí àkọsílẹ̀ pé wọ́n sọ 25 oṣù Kẹta tàbí 22 oṣù Kẹsàn-án di ọjọ́ ìsinmi. Ní Buckland, wọ́n máa ń fọn ìwo tí Merry, ọ̀rẹ́ Frodo, mú ti ilẹ̀ Rohan bọ̀ nígbà tí oòrùn bá ń wọ̀ ní ọjọ́ 2 oṣù Kọkànlá, wọ́n á dáná ńlá, wọ́n á sè, wọ́n á jẹ. Ní agbègbè Hobbiton, àṣà mìíràn hù. Bí ojú ọjọ́ bá dára ní ọjọ́ 6 oṣù Kẹrin, wọ́n á pa iṣẹ́ tì, wọ́n á lọ jó ní pápá ibi tí Bilbo, ìbátan Frodo, ti ṣe àsè ọjọ́ ìbí rẹ̀. Igi oníwúrà kan wà níbẹ̀, tí Sam gbìn láti inú ẹ̀bùn Galadriel, obìnrin Elf tí wọ́n bí nígbà tí Igi Méjì ṣì ń tàn. Àwọn kan ní ọjọ́ ìbí Sam àgbà ni àwọn ń ṣe. Àwọn kan ní ọjọ́ tí igi yẹn kọ́kọ́ tanná ní ọdún 1420 ti ìṣirò Shire ni. Àwọn mìíràn sì ní ọdún tuntun àwọn Elf ni. Tolkien kọ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sílẹ̀, kò yan ọ̀kan nínú wọn.